Cenizo, igi elésèé àlùkò inú aṣálẹ̀ Texas: àwọn ìbéèrè tí àwọn èèyàn máa ń béèrè jù

Àwọn ọmọ Yorùbá tó ń gbé ní Houston, Dallas, San Antonio àti Phoenix ló sábà máa ń béèrè nípa igi kúkúrú eléwé fàdákà tó wà níwájú ilé wọn tàbí tí wọ́n rí lẹ́bàá títì. A bẹ̀rẹ̀ láti orí èyí tó rọrùn, a sì parí rẹ̀ sórí èyí tó gba àròjinlẹ̀.

Igi wo gan-an ló ń jẹ́ cenizo?

Igi kúkúrú ni, ewé rẹ̀ ń dán bíi fàdákà, òdòdó rẹ̀ sì jẹ́ elésèé àlùkò. Leucophyllum frutescens ni àwọn onímọ̀ ewéko ń pè é. Ní Texas, ẹ ó gbọ́ Texas sage, Texas ranger, silverleaf, purple sage àti barometer bush. Àwọn ará Mẹ́síkò àtàwọn tó ń gbé létí odò Rio Grande ló ń pè é ní cenizo. Orúkọ yìí la ó máa lò, torí pé àwọn yòókù máa ń da èèyàn rú.

Tó bá dàgbà tán, ó sábà máa ń ga tó mítà 1.5 sí 2.5, ó sì máa ń fẹ̀ tó bó ṣe ga. Láti ìdí ló ti ń pẹ̀ka. Òdòdó rẹ̀ rí bí agogo kékeré, kò ju nǹkan bíi sẹ̀ńtímítà 2.5 lọ, etí rẹ̀ pín sí márùn-ún, irun wẹ́wẹ́ sì wà nínú ọ̀fun rẹ̀. Ewé kì í wọ́ tán lórí rẹ̀, àfi tí òtútù tàbí ọ̀dá bá le jù.

Lọ́dún 2005, ilé ìgbìmọ̀ aṣòfin Texas kéde rẹ̀ gẹ́gẹ́ bí igi kúkúrú ìbílẹ̀ ìpínlẹ̀ náà. Crape myrtle, tí ọ̀pọ̀ èèyàn máa ń pa pọ̀ mọ́ ọn, ti gba oyè tirẹ̀ ṣáájú, lọ́dún 1997, ṣùgbọ́n ilẹ̀ Éṣíà ni ìyẹn ti wá. Cenizo ni ọmọ onílẹ̀.

Ibo ló ti ń hù fúnra rẹ̀?

Ní gúúsù àti ìwọ̀ oòrùn Texas, àti ní àríwá Mẹ́síkò, pàápàá ní ìpínlẹ̀ Coahuila, Nuevo León àti Tamaulipas. Apá kan ilẹ̀ yìí wà nínú aṣálẹ̀ Chihuahua, apá kejì sì jẹ́ igbó ẹlẹ́gùn-ún gbígbẹ tó ń lọ sí ìhà etíkun.

Orí òkè olókùúta ẹfun ló fẹ́ràn jù, níbi tí erùpẹ̀ kò ti nípọn, tí omi òjò sì ń ṣàn kọjá lọ lójú ẹsẹ̀. Jean-Louis Berlandier, onímọ̀ ewéko tó bá ìgbìmọ̀ ààlà ilẹ̀ Mẹ́síkò wọ Texas lọ́dún 1828, ló kọ́kọ́ kọ àpèjúwe rẹ̀ sílẹ̀ fún àwọn onímọ̀ lọ́dún 1832. Lákòókò yẹn, abẹ́ Mẹ́síkò ni Texas ṣì wà.

Ṣé òun ni sage tí wọ́n fi ń se oúnjẹ?

Rárá o. Sage inú oúnjẹ jẹ́ ìbátan ẹfinrin, ẹbí kan náà làwọn méjèèjì. Cenizo kò sí nínú ẹbí yẹn rárá. Ẹ má ṣe já ewé rẹ̀ sínú ọbẹ̀.

Ọ̀rọ̀ purple sage tún díjú ju bẹ́ẹ̀ lọ. Ní California, igi mìíràn ni wọ́n ń pè bẹ́ẹ̀, Salvia leucophylla. Ní Nevada àti Utah, òmíràn tún ni, Salvia dorrii. Àwọn méjèèjì yìí jẹ́ sage tòótọ́, àwọn náà sì ń yọ òdòdó elésèé àlùkò lórí ilẹ̀ gbígbẹ. Nítorí náà, tí ẹ bá fẹ́ rà á, orúkọ Leucophyllum ni kí ẹ wò lára páálí rẹ̀.

Kí ló dé tí ewé rẹ̀ fi rí bí ẹni da eérú lé e lórí?

Irun ni. Irun wẹ́wẹ́ tó pẹ̀ka bí ìràwọ̀ ló bo ewé náà lókè àti nísàlẹ̀, ó sì nípọn débi pé àwọ̀ ewé tó wà lábẹ́ rẹ̀ kò hàn dáadáa. Irun yìí ń dá oòrùn padà, kì í sì jẹ́ kí atẹ́gùn gbígbóná gba omi lára ewé bó ṣe wù ú. Ohun tó ń dùn mọ́ wa lójú yìí gan-an ni ohun tí igi náà fi ń là á já nínú oṣù Keje àti oṣù Kẹjọ.

Ṣé òótọ́ ni pé ó máa ń mọ̀ tí òjò bá ń bọ̀?

Òótọ́ wà níbẹ̀, ṣùgbọ́n kì í ṣe bí wọ́n ṣe ń sọ ọ́. Láàárín oṣù Kẹfà sí oṣù Kọkànlá, ìrudi máa ń wà ní abíyá ewé rẹ̀, tí á máa dúró de ọ̀rinrin. Tí ọ̀rinrin bá pọ̀ nínú afẹ́fẹ́ tàbí tí òjò bá rin ilẹ̀, gbogbo ìrudi náà á là pa pọ̀. Igi tó jẹ́ eérú lánàá á di elésèé àlùkò láti òkè dé ilẹ̀.

Nígbà mìíràn, afẹ́fẹ́ olómi máa ń ṣáájú òjò dé, igi náà á sì tanná kí òjò tó rọ̀. Ìyẹn ló jẹ́ kí wọ́n máa pè é ní barometer bush, torí barometer ni ẹ̀rọ tí wọ́n fi ń mọ bí ojú ọjọ́ ṣe máa rí. Ṣùgbọ́n ní ọ̀pọ̀ ìgbà, ọjọ́ mélòó kan lẹ́yìn òjò ló máa ń tanná. Nítorí náà, ẹ má ṣe torí tirẹ̀ sá aṣọ wọlé. Ẹ̀rí pé ọ̀rinrin ti dé ni.

Títanná kan kì í sábà ju ọ̀sẹ̀ kan lọ púpọ̀. Òdòdó á rẹ̀ sílẹ̀, igi á padà sí àwọ̀ fàdákà rẹ̀, títí òjò mìíràn á fi dé. Lọ́dún tí òjò bá pín dáadáa, ó lè tanná léraléra. Lọ́dún ọ̀dá, ẹ lè má rí ju ẹ̀ẹ̀kan tàbí ẹ̀ẹ̀mejì lọ. Àwọn kan máa ń tú omi ẹ̀rọ sí ìdí rẹ̀ kó lè tanná. Kì í jẹ́ bákan náà, torí omi ìdí igi kò sọ afẹ́fẹ́ di olómi.

Ẹranko àti kòkòrò wo ló ń jàǹfààní rẹ̀?

Oyin ni àkọ́kọ́. Tó bá tanná, ẹ ó gbọ́ ariwo oyin lára rẹ̀ kí ẹ tó dé ìdí rẹ̀. Àwọn ẹyẹ hummingbird náà máa ń wá mu omi dídùn inú òdòdó, àwọn ẹyẹ mìíràn sì máa ń sá pamọ́ sínú rẹ̀ nígbà ooru, torí ẹ̀ka rẹ̀ dí.

Ewé rẹ̀ tún jẹ́ oúnjẹ fún ọmọ labalábá kan, Chlosyne theona, àti ọmọ àfòpiná ńlá kan tó ń jẹ́ Eupackardia calleta. Tí ẹ bá rí kòkòrò tó ń rákò lórí rẹ̀ tó sì ń jẹ ewé, ẹ dákun, ẹ má ṣe sáré gbé oògùn apakòkòrò. Igi náà á hu ewé mìíràn. Àgbọ̀nrín kì í sábà fẹ́ jẹ ẹ́, èyí sì jẹ́ ìdí kan tí àwọn ará ìgbèríko Texas fi fẹ́ràn rẹ̀.

Ṣé ó ṣeé fi ṣe egbòogi?

Lẹ́bàá ààlà Texas àti Mẹ́síkò, àwọn èèyàn ti ń se ewé àti òdòdó rẹ̀ bíi tíì láti ọjọ́ pípẹ́, fún ikọ́, ibà àti òtútù ara. Àṣà wọn nìyẹn, ó sì yẹ ká bọ̀wọ̀ fún un.

Ṣùgbọ́n n kò ní gba ẹnikẹ́ni níyànjú pé kó já ewé ẹ̀bá ilé rẹ̀ se àgbo. Igi tí wọ́n rà ní ọgbà òdòdó lè ti gba oògùn apakòkòrò sára, àwa kò sì jogún ìmọ̀ ìwọ̀n rẹ̀ lọ́wọ́ àwọn baba wa bí a ṣe jogún ti dóńgóyárò. Aboyún àti ẹni tó ń lo oògùn dókítà kò gbọ́dọ̀ dán an wò.

Níbo ni mo ti lè lọ wò ó nínú igbó?

Big Bend National Park, ní ìtẹ̀sí odò Rio Grande, dára gan-an, pàápàá láàárín oṣù Keje sí oṣù Kẹsàn-án lẹ́yìn òjò ńlá. Ọ̀nà US 90 láti Del Rio lọ sí Langtry náà kún fún un lórí àpáta, Seminole Canyon State Park sì wà lójú ọ̀nà yẹn. Tí ìrìn yẹn bá jìn jù, ẹ lọ sí Lady Bird Johnson Wildflower Center ní Austin, níbi tí wọ́n ti ń tọ́jú ewéko ìbílẹ̀ Texas.

Ṣé mo lè wú kékeré kan nínú igbó wá sílé?

Ẹ má ṣe é. Òfin kò gbà kí ẹnikẹ́ni wú ewéko ní ọgbà ìjọba bíi Big Bend, ilẹ̀ tó kù ní Texas sì fẹ́rẹ̀ẹ́ jẹ́ ti olówó rẹ̀ pátápátá. Ẹ ó nílò àṣẹ onílẹ̀.

Yàtọ̀ sí òfin, igi inú igbó kì í gbà. Gbòǹgbò rẹ̀ ti wọ inú pàlàpálá àpáta, ẹ ó kàn já a ni. Èyí tí wọ́n gbìn sínú ìkòkò kì í wọ́n, ó sì wà ní ọ̀pọ̀ ọgbà òdòdó ní Texas àti Arizona.

Báwo ni kí n ṣe gbìn ín?

Ibi tí oòrùn ti ń ràn láti àárọ̀ dé ìrọ̀lẹ́ ni kí ẹ wá fún un. Ní Texas, oṣù Kẹwàá àti Kọkànlá dára jù, kí gbòǹgbò lè múlẹ̀ kí ooru tó dé. Ìbẹ̀rẹ̀ ìrúwé náà ṣeé ṣe.

Ẹ gbẹ́ ihò tó fẹ̀ tó ìlọ́po méjì ìkòkò tó wà, ṣùgbọ́n tí kò jìn jù ú lọ. Ẹ jẹ́ kí orí gbòǹgbò rẹ̀ yọ díẹ̀ sókè ilẹ̀, kí omi má bàa dúró sí ìdí rẹ̀. Kò nílò ajílẹ̀, kò nílò ilẹ̀dú tí wọ́n ń tà nínú àpò. Erùpẹ̀ tí ẹ gbẹ́ jáde náà ni kí ẹ fi bò ó padà. Òkúta wẹ́wẹ́ ló dára láti dà sí ìdí rẹ̀, torí èèpo igi máa ń mú omi dúró. Tí ẹ bá fẹ́ fi ṣe ọgbà yí ilé ká, ẹ fi nǹkan bíi mítà 1.2 sí 1.8 sáàárín wọn.

Omi mélòó ni kí n máa bu sí i?

Lọ́dún àkọ́kọ́, ẹ bomi rin ín dáadáa lọ́sẹ̀ kọ̀ọ̀kan tàbí ọ̀sẹ̀ méjì-méjì tí òjò kò bá rọ̀, kí ẹ sì jẹ́ kí ilẹ̀ gbẹ kí ẹ tó tún bu òmíràn. Lẹ́yìn ìyẹn, ó tó kí ẹ fi í lé òjò lọ́wọ́, àfi tí ọ̀dá bá gùn jù.

Ìkẹ́jù ló ń pa igi yìí jù lọ. Ẹ̀rọ tó ń wọ́nmi sí koríko lárààárọ̀ máa ń wọ́n sí òun náà, gbòǹgbò rẹ̀ á sì jẹrà lábẹ́ ilẹ̀. Ewé á máa pọ́n, á máa wọ́. Onílé á rò pé òǹgbẹ ló ń gbẹ ẹ́, á tún bu omi kún un. Tí ewé bá ń pọ́n tí ilẹ̀ sì tutù, ẹ dá omi dúró.

Irú wo ni kí n rà?

Ó wà lọ́wọ́ àyè tí ẹ ní. Tí àyè bá pọ̀, ‘Green Cloud’ dára: ó ga, ewé rẹ̀ tutù ju ti àwọn yòókù lọ, òdòdó rẹ̀ sì pọ́n díẹ̀ mọ́ elésèé àlùkò. ‘White Cloud’ jẹ́ elódòdó funfun. Benny Simpson, onímọ̀ ewéko Yunifásítì Texas A&M ní Dallas, ló mú àwọn méjèèjì yìí jáde fún àwọn ológbà. ‘Compacta’ ni kí ẹ rà tí ẹ bá fẹ́ èyí tí kò ga ju nǹkan bíi mítà 1.5 lọ.

Àwọn ìbátan rẹ̀ náà wà. Leucophyllum candidum kúrú, ewé rẹ̀ funfun gan-an, òdòdó rẹ̀ sì dúdú ju ti cenizo lọ. ‘Silver Cloud’ àti ‘Thunder Cloud’ ni wọ́n ń tà lára rẹ̀. Lójú tèmi, kò sí èyí tó lẹ́wà tó wọn, ṣùgbọ́n wọ́n kórìíra omi ju cenizo fúnra rẹ̀ lọ. Níbi tí ọ̀rinrin bá pọ̀, ẹ fi wọ́n sílẹ̀.

Ìgbà wo ni kí n gé e, báwo ni kí n sì ṣe gé e?

Ìparí ìgbà òtútù, kí ewé tuntun tó bẹ̀rẹ̀ sí í hù. Ẹ lo ọwọ́, ẹ mú ẹ̀ka tó gùn jù lọ́kọ̀ọ̀kan, kí ẹ gé e láti inú. Tó bá ti gbó tó sì ti há, ẹ lè gé ìdá mẹ́ta rẹ̀ kan kúrò.

Ohun tó ń dùn mí ni bí àwọn agégi ṣe ń fi ẹ̀rọ rẹ́ ẹ di bọ́ọ̀lù tàbí àpótí lóṣooṣù. Ẹ wo iwájú ilé epo ní Phoenix tàbí ní San Antonio, ẹ ó rí i. Orí ẹ̀ka tuntun ni ìrudi ń wà, nítorí náà gbogbo ìgbà tí ẹ̀rọ bá kọjá, òdòdó ni ó ń gé dànù. Èèpo ewé tín-ín-rín á kù níta, inú á gbẹ, kò sì ní sí àyè fún ẹyẹ mọ́. Tí ẹ bá ń sanwó fún agégi, ẹ sọ fún un pé kó má fọwọ́ kan cenizo yín. Tí àyè kò bá gbà á, ẹ gbin irú tó kúrú.

Tèmi gùn gbọọrọ, ìdí rẹ̀ ṣófo, kì í sì í tanná. Kí ló fà á?

Ó fẹ́rẹ̀ẹ́ dájú pé òjìji ni. Ó ṣeé ṣe kí igi ńlá kan ti dàgbà bò ó láti ìgbà tí wọ́n ti gbìn ín, tàbí kí ògiri máa dínà oòrùn. Ohun kejì ni ajílẹ̀. Ajílẹ̀ koríko tó bá ṣàn dé ìdí rẹ̀ á mú kó máa hu ewé rẹpẹtẹ láìtanná. Ohun kẹta ni ẹ̀rọ agégi tí mo ti sọ.

Tó bá jẹ́ òjìji, ẹ gé ẹ̀ka igi ńlá náà, tàbí kí ẹ gbin cenizo tuntun síbi oòrùn. Èyí tó ti dàgbà kì í fẹ́ kí wọ́n wú u gbìn síbòmíràn.

Òtútù jẹ gbogbo ewé rẹ̀. Ṣé ó ti kú?

Ẹ má yára wú u. Ó lè fara da òtútù tó lọ sílẹ̀ dé nǹkan bíi ìwọ̀n 12 sísàlẹ̀ òdo lórí òṣùwọ̀n Celsius. Nínú òtútù ńlá oṣù Kejì ọdún 2021, tó mú Texas látòkè délẹ̀, ọ̀pọ̀ cenizo wọ́wé pátápátá, àwọn ẹ̀ka kan sì kú.

Ẹ fi èékánná họ ara ẹ̀ka. Tí abẹ́ èèpo bá ṣì tutù, ó wà láàyè. Ẹ dúró títí ìrúwé á fi dé dáadáa kí ẹ tó gé èyí tó gbẹ, torí ó sábà máa ń tún hù láti ìdí.

Ṣé mo lè fi ẹ̀ka tàbí hóró rẹ̀ gbin òmíràn?

Ẹ̀ka ló yá jù. Nígbà ẹ̀ẹ̀rùn wọn, láàárín oṣù Kẹfà sí oṣù Kẹjọ, ẹ gé ẹ̀ka tí kò tíì gbó tán, tó gùn tó sẹ̀ńtímítà 10 sí 15. Ẹ já ewé ìsàlẹ̀ rẹ̀, ẹ rì í sínú oògùn tó ń mú gbòǹgbò hù, kí ẹ sì kì í bọ yanrìn. Yanrìn náà kò gbọ́dọ̀ rẹ ṣìnkìn. Àwọn tó ń fi ọ̀rá bo ẹ̀ka pinpin ló máa ń rí i pé ewé onírun yẹn ti bu.

Hóró rẹ̀ kéré gan-an. Ẹ wọ́n ọn sórí erùpẹ̀ oníyanrìn, ẹ má bò ó mọ́lẹ̀ jìn. Igi tó bá hù lè má jọ ìyá rẹ̀, nítorí náà ẹni tó bá fẹ́ ‘Green Cloud’ gan-an gbọ́dọ̀ lo ẹ̀ka.

Houston ni mò ń gbé, amọ̀ ni ilẹ̀ wa, òjò sì pọ̀. Ṣé ó lè yè?

Ó lè yè, ṣùgbọ́n iṣẹ́ wà níbẹ̀. Òjò Houston lọ́dún ju mílímítà 1,200 lọ, nígbà tí ti El Paso, ìlú inú aṣálẹ̀ ní ìwọ̀ oòrùn Texas, kò ju nǹkan bíi 220 lọ. Ẹ kọ ebè gíga tí ẹ ti da yanrìn àti òkúta wẹ́wẹ́ mọ́ erùpẹ̀ rẹ̀, kó ga tó sẹ̀ńtímítà 30 ó kéré tán. Ẹ gbìn ín sí òkè ebè yẹn, jìnnà sí ibi tí omi òrùlé ń já sí. Ẹ yan cenizo gan-an tàbí ‘Green Cloud’, kì í ṣe ‘Silver Cloud’.

Ẹgbẹ́ onílé àdúgbò wa ní koríko nìkan ni ká gbìn. Ṣé wọ́n lè dá mi dúró?

Ní Texas, òfin tí wọ́n ṣe lọ́dún 2013, tó wà ní abala 202.007 ìwé òfin ohun ìní, kò gbà kí ẹgbẹ́ onílé fòfin de ọgbà tí ewéko rẹ̀ lè fara da ọ̀dá. Ṣùgbọ́n wọ́n lẹ́tọ̀ọ́ láti ní kí ẹ kọ́kọ́ fi àwòrán ètò ọgbà yín hàn wọ́n. Nítorí náà, ẹ ya àwòrán náà, ẹ kọ orúkọ ewéko kọ̀ọ̀kan sí i, ẹ fi ránṣẹ́, kí ẹ sì gba ìdáhùn lákọsílẹ̀ kí ẹ tó hú koríko. Ìpínlẹ̀ mìíràn ní òfin tirẹ̀.

Ní Phoenix, wọ́n ní ewéko ìbílẹ̀ ni. Ṣé bẹ́ẹ̀ ni?

Ewéko aṣálẹ̀ ni, ṣùgbọ́n kì í ṣe ti aṣálẹ̀ yẹn. Aṣálẹ̀ Sonora ni Phoenix wà, aṣálẹ̀ Chihuahua àti ilẹ̀ tó yí i ká sì ni ilé cenizo. Àlejò ni ní Arizona, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ó mọ́wọ́ ibẹ̀ dáadáa. Ẹni tó bá fẹ́ ìbílẹ̀ Phoenix gan-an lè gbin brittlebush tàbí creosote, ṣùgbọ́n òdòdó yẹ́lò ni wọn yóò rí.

Ṣé mo lè mú un wá sí Ìbàdàn, tàbí kí n gbìn ín ní Lọ́ńdọ̀nù?

Ní Lọ́ńdọ̀nù, omi ìgbà òtútù ló máa pa á, kì í ṣe òtútù fúnra rẹ̀. Ẹ lè gbìn ín sínú ìkòkò oníyanrìn, kí ẹ sì gbé e wọ ilé onígíláàsì láti oṣù Kẹwàá.

Ní Ìbàdàn àti Èkó, èmi kò rí ìdí rẹ̀. Òjò oṣù mélòó kan léra wọn, ilẹ̀ pupa tó ń mú omi dúró, àti àwọsánmà oṣù Kẹjọ, gbogbo rẹ̀ ló lòdì sí i. Ẹni tó bá sì fẹ́ gbé ewéko tàbí hóró wọ Nàìjíríà gbọ́dọ̀ gba ìwé àṣẹ lọ́dọ̀ àjọ NAQS tó ń ṣàyẹ̀wò ewéko, torí àrùn àti kòkòrò máa ń bá erùpẹ̀ ìdí rẹ̀ wọlé. Ẹ má ṣe fi pamọ́ sínú báàgì.